Ìbúgbàmù àti ìgbì ìkọlù: kí ló ń fọ́ gíláàsì níbi tí iná kò dé?

Olùbéèrè01

Ẹ kú iṣẹ́ o. Mo ti wo àwọn fídíò ìbúgbàmù èbúté Beirut ti 4 Oṣù Kẹjọ 2020 léraléra, ìyẹn ìgbà tí nǹkan bí 2,750 tọ́ọ̀nù ammonium nitrate, kẹ́míkà tí wọ́n fi ń ṣe ajílẹ̀, bú gbàmù nínú ilé ìkẹ́rùsí. Ohun mẹ́ta ló rú mi lójú. Ẹni tó ń ya fídíò láti òkèèrè kọ́kọ́ rí i, gbogbo nǹkan dákẹ́ rọ́rọ́, ìgbà tó yá ni nǹkan tó gbá a dànù. Ìkùukùu funfun roboto kan yọ lójijì, ó fẹ̀, ó sì pòórá. Gíláàsì sì fọ́ ní ọ̀pọ̀ kìlómítà síbẹ̀, níbi tí iná kankan kò dé. Ṣé ìró tó pọ̀ jù lásán ni shock wave, àbí ohun mìíràn ni? Ẹ jọ̀ọ́, ẹ fi nọ́ńbà sí i.

Ìfúnpá_Afẹ́fẹ́

Ohun mìíràn ni, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ọmọ ìyá ni òun àti ìró. Ẹ jẹ́ ká máa pè é ní ìgbì ìkọlù níbí.

Ìró lásán máa ń gbọn afẹ́fẹ́ díẹ̀, afẹ́fẹ́ á sì padà sí bó ṣe wà. Ìfúnpá afẹ́fẹ́ tó yí wa ká tó 101 kPa (kilopascal, òṣùwọ̀n ìfúnpá). Ọ̀rọ̀ tí èèyàn ń bá ẹnìkejì sọ kò yí i padà tó 0.0001 kPa. Gbogbo ara irú ìgbì kékeré bẹ́ẹ̀ ló ń rìn ní eré kan náà, nǹkan bí 343 mítà ní ìṣẹ́jú àáyá kan tí ìgbóná bá jẹ́ 20°C.

Bí ìfúnpá bá wá ga gan-an, apá tí afẹ́fẹ́ ti fún pọ̀ jù á gbóná. Ìró sì máa ń yára nínú afẹ́fẹ́ gbígbóná ju nínú tútù lọ, afẹ́fẹ́ ibẹ̀ pàápàá sì ti ń sáré lọ síwájú. Nítorí náà ẹ̀yìn ìgbì ń lé iwájú rẹ̀ bá. Wọ́n á kó jọ síbì kan títí iwájú ìgbì náà á fi dúró ṣánṣán bí ògiri. Ògiri yìí tín-ín-rín ju ohun tí ojú lè rí lọ: nínú ìgbì tó lágbára, kò tó ìdá kan nínú ẹgbẹ̀rún mìlímítà. Kí ó tó kàn yín, afẹ́fẹ́ yín kò mọ nǹkan kan. Bó ṣe kàn yín báyìí, ìfúnpá ti fò sókè.

Nọ́ńbà tí ẹ béèrè nìyí. Bí ìfúnpá bá fò sókè ní 101 kPa, tó wá di ìlọ́po méjì ohun tó jẹ́ tẹ́lẹ̀, ìgbì náà ń sáré ní nǹkan bí 466 mítà ní ìṣẹ́jú àáyá. Afẹ́fẹ́ ẹ̀yìn rẹ̀ á gbóná láti 20°C dé nǹkan bí 88°C, yóò sì máa fẹ́ ní 180 mítà ní ìṣẹ́jú àáyá, èyí tó ju ìjì líle èyíkéyìí lọ. Níbi tó jìnnà, tí àfikún ìfúnpá kò ju 7 kPa lọ, eré ìgbì náà ti já sí bíi 353, ẹ̀fúùfù ẹ̀yìn rẹ̀ sì ti di 16. Níbẹ̀, ó kù díẹ̀ kó di ìró lásán.

Ìdí nìyẹn tí ẹni tó ń ya fídíò fi kọ́kọ́ rí i: ìmọ́lẹ̀ dé ojú ẹsẹ̀, ìgbì ṣì ń bọ̀ lẹ́yìn. Ẹ ka férémù fídíò náà. Bí férémù 30 bá ń kọjá ní ìṣẹ́jú àáyá kan, tí férémù 90 sì wà láàárín ìmọ́lẹ̀ àti ìgbà tí kámẹ́rà gbọ̀n, ìṣẹ́jú àáyá 3 nìyẹn, ibẹ̀ sì jìnnà díẹ̀ ju kìlómítà kan lọ. Mo ní "díẹ̀ ju" nítorí pé ìgbì náà sáré ju ìró lọ nígbà tó ṣì wà nítòsí orísun rẹ̀.

Iná_àti_Ooru

Ọ̀gá Ìfúnpá ti sọ bó ṣe ń rìn. Ẹ jẹ́ kí n sọ bó ṣe ń bẹ̀rẹ̀, torí ọ̀pọ̀ èèyàn rò pé ohun tó bá ní agbára jù ló ń bú jù. Kò rí bẹ́ẹ̀ rárá.

Kílò kan TNT, ohun abúgbàmù kan, agbára inú rẹ̀ ni a kà sí 4.184 mílíọ̀nù joule (òṣùwọ̀n agbára). Orí rẹ̀ ni a ń gbé ìwọ̀n ìbúgbàmù yòókù lé. Kílò kan epo bẹntiróòlù ní nǹkan bí 44 mílíọ̀nù, ó ju ìlọ́po mẹ́wàá lọ! Ṣùgbọ́n kí bẹntiróòlù tó jó tán, ó gbọ́dọ̀ rí ọ́síjìn nínú nǹkan bí kílò 15 afẹ́fẹ́, afẹ́fẹ́ yẹn á sì kún àyè tó tó mítà oníhà mẹ́ta 12. Wíwá afẹ́fẹ́ yẹn ló ń fa iná rẹ̀ sẹ́yìn. TNT ní tirẹ̀ gbé ọ́síjìn tó ń lò pamọ́ sínú ara rẹ̀, ìgbì tó ń la àárín rẹ̀ kọjá sì ń rìn ní bíi 6,900 mítà ní ìṣẹ́jú àáyá. Sẹ̀ǹtímítà kan kò gbà á ju máíkírósẹ́kọ́ǹdì kan àtààbọ̀ lọ (máíkírósẹ́kọ́ǹdì ni ìdá kan nínú mílíọ̀nù ìṣẹ́jú àáyá). Eré tí agbára fi jáde ni gbogbo ọ̀rọ̀.

Oríṣi méjì ni iná tó ń sáré nínú ohun tó ń jó. Ọ̀kan ń fi ooru ta sí ohun tó wà níwájú rẹ̀ kó tó jó o, eré rẹ̀ kò tó ti ìró. Deflagration ni wọ́n ń pè é. Ìkejì, ìgbì ìkọlù fúnra rẹ̀ ló ń fún ohun iwájú pọ̀ tí ìyẹn fi ń gbiná, iná náà sì ń ti ìgbì lẹ́yìn kó má bàa rẹ̀. Ìyẹn ni detonation, eré rẹ̀ sì ju ti ìró lọ dáadáa. Chapman ní 1899 àti Jouguet ní 1905 ló kọ́kọ́ fi ìṣirò gbé e kalẹ̀. Zeldovich, von Neumann àti Döring wá ṣàlàyé inú rẹ̀ láàárín 1940 sí 1943, kálukú lọ́tọ̀ọ̀tọ̀.

Olùbéèrè01

Ẹ ṣeun gan-an. Gáàsì tó bá jò sínú yàrá ńkọ́? Èwo ni nínú méjèèjì?

Iná_àti_Ooru

Deflagration ni, lọ́pọ̀ ìgbà. Ẹ mú methane, ọ̀kan nínú àwọn gáàsì tó ń jó, wò: bí kò bá tó ìdá 5 nínú ọgọ́rùn-ún afẹ́fẹ́, kò ní jó, bó bá ju ìdá 15 lọ, kò ní jó bákan náà. Láàárín méjèèjì ni ewu wà. Iná rẹ̀ nínú afẹ́fẹ́ tó dúró jẹ́ẹ́ kò rìn ju 0.4 mítà ní ìṣẹ́jú àáyá lọ, ọmọdé á sá fún un. Ibi tó ti ń bani jẹ́ ni pé inú yàrá tó sé pa, ìfúnpá lè fẹ́rẹ̀ẹ́ di ìlọ́po mẹ́jọ. Àfikún tó ju 700 kPa lọ nìyẹn, bẹ́ẹ̀ ògiri bíríkì tí kò ní irin nínú máa ń wó kó tó kan 50. Ìdí nìyí tí ilé iṣẹ́ tó ń lo gáàsì fi ń fi pátákó fúyẹ́ sí ara ògiri kan, kí ó tètè ṣí kí ìfúnpá tó ga. Tí pátákó náà bá wúwo jù, tàbí tí wọ́n bá to ẹrù dí i, ó ti di ògiri lásán: kò ní ṣí lásìkò.

Ohun tó ń sọ iná jẹ́jẹ́ di iná eléré ni ìdíwọ́ ojú ọ̀nà. Páìpù, àgbékà, igi tó to jọ: afẹ́fẹ́ tí iná ń tì síwájú á máa yí po lẹ́yìn wọn, ojú iná á wé, á fẹ̀ sí i, á jó sí i, á sì tún ti afẹ́fẹ́ gidigidi sí i. Ohun tó ṣẹlẹ̀ ní Buncefield nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì nìyẹn ní 11 Oṣù Kejìlá 2005. Ohun tó ń wọn epo nínú táǹkì kan há, ẹ̀rọ tó yẹ kó dá a dúró kò ṣiṣẹ́, bẹntiróòlù tó ju 250,000 lítà lọ sì ṣàn sílẹ̀. Ìta gbangba ni, kò sì yẹ kí èéfín epo níta gbangba bú tó bẹ́ẹ̀. Àwọn tó wádìí rẹ̀ rí i pé ìlà igi ẹ̀bá ọ̀nà ló jẹ́ kí iná náà rí eré sá.

Òṣùwọ̀n

Lórí bó ṣe ń jìnnà: òfin kan wà tí Hopkinson gbé jáde ní 1915, tí Cranz náà sì gbé jáde ní 1926. Bí ẹ bá sọ ohun tó bú di ìlọ́po mẹ́jọ, gbogbo ọ̀nà jíjìn á di ìlọ́po méjì, torí pé 2 × 2 × 2 ni 8. Bí ẹ bá sọ ọ́ di ìlọ́po 1,000, ọ̀nà á di ìlọ́po 10 péré. Ká ní tọ́ọ̀nù kan ń fún ibi kan ní 7 kPa ní 200 mítà, tọ́ọ̀nù 1,000 á fúnni ní 7 kPa kan náà ní 2,000 mítà. Ìgbì náà á sì pẹ́ lára ògiri ní ìlọ́po 10. Ẹ má gbàgbé èyí tó kẹ́yìn yìí o, òun làwọn èèyàn máa ń fò dá nínú ìṣirò.

Ohun kejì tí wọ́n ń fò dá ni pé ìgbì tó bá kọlu ògiri kì í fi ìfúnpá rẹ̀ mọ bó ṣe wà. Afẹ́fẹ́ tó ń sáré bọ̀ á dúró lójijì, ìfúnpá á sì tún ga sí i. Fún ìgbì kékeré, ìlọ́po méjì ni. Àfikún 101 kPa tó gbá ògiri lójú á di nǹkan bí 278. Bí ìgbì bá lágbára gan-an, ó lè kan ìlọ́po mẹ́jọ, kódà ó lè jù bẹ́ẹ̀ lọ nígbà tí ooru bá ti yí ìwà afẹ́fẹ́ padà.

Ẹ wá gbé e wá sórí fèrèsé kan tó fẹ̀ ní mítà kan sí mítà kan. Àfikún 7 kPa tó bá kàn án lójú á di 14 kPa. Ó dà bí ìgbà tí ẹ gbé ẹrù 1,400 kílò lé gíláàsì yẹn lẹ́ẹ̀kan náà. Ẹ̀fúùfù 16 mítà yẹn fúnra rẹ̀ kò ní ju 0.2 kPa lọ. Ìfúnpá ló fọ́ gíláàsì; ẹ̀fúùfù kọ́.

Ìfúnpá_Afẹ́fẹ́

Òótọ́ ni ẹ sọ, Òṣùwọ̀n, ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí n fi ilẹ̀ kún un. Bí ohun kan bá bú lókè, ìgbì rẹ̀ á kan ilẹ̀, á sì ta padà. Ìgbì tó ta padà yìí ń rìn nínú afẹ́fẹ́ tí èkíní ti mú gbóná, torí náà ó yára jù ú lọ, ó sì ń lé e bá. Níbi tí wọ́n bá ti pàdé, wọ́n á di ìgbì kan ṣoṣo tó dúró gbọnrangandan lórí ilẹ̀, tó sì le ju èyíkéyìí nínú méjèèjì lọ. Orúkọ Ernst Mach ni wọ́n fi ń pè é.

Ohun gìrìwò bí ilé ńlá náà máa ń dáàbò bo ẹ̀yìn rẹ̀, ṣùgbọ́n kò pé. Ìgbì máa ń ṣẹ́rí yí igun ilé, yóò sì pàdé ara rẹ̀ lẹ́yìn ọ̀hún. Ẹni tó sá sẹ́yìn ògiri kékeré rò pé òun ti bọ́. Àfọ́kù tó ń fò kò ní bà á lóòótọ́, ṣùgbọ́n ìfúnpá á bá a níbẹ̀.

Olùbéèrè01

Ìkùukùu funfun yẹn ńkọ́? Àwọn kan ní èéfín olóró ni.

Òṣùwọ̀n

Omi ni. Lẹ́yìn tí ìfúnpá bá ti fò sókè, kì í kàn padà sí 101 kPa kó sì dúró. Ó máa ń já kọjá ibẹ̀ lọ sísàlẹ̀ fúngbà díẹ̀, torí afẹ́fẹ́ tó sáré jáde ti kọjá ibi tó yẹ kó dúró. Afẹ́fẹ́ tó bá ṣàdédé fẹ̀ á tutù. Bí ìfúnpá bá lọ sílẹ̀ ní 5 kPa péré, ìgbóná á já wálẹ̀ ní ìwọ̀n 4°C. Lẹ́bàá òkun tí afẹ́fẹ́ ti kún fún ọ̀rinrin, ìyẹn ti tó láti sọ ọ̀rinrin di kùrukùru. Bí ìfúnpá bá padà bọ̀ sípò, kùrukùru náà á gbẹ. Èéfín tó pupa rẹ́súrẹ́sú tó gòkè lẹ́yìn náà ni ẹ lè pè ní olóró, ti nitrogen dioxide ni àwọ̀ yẹn.

Ìfàsẹ́yìn kan náà yẹn ló fà á tí gíláàsì fi máa ń já bọ́ síta lọ́pọ̀ ìgbà dípò inú ilé: ìgbì àkọ́kọ́ á sán an, ìfàsẹ́yìn á fà á yọ.

Ìṣirò_Lásán

Níwọ̀n ìgbà tí ẹ ti dárúkọ òfin ìwọ̀n, ẹ jẹ́ ká ṣe ìṣirò kan tó dùn mọ́ mi nínú gan-an, ti G. I. Taylor, onímọ̀ físíìsì ọmọ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Amẹ́ríkà dán bọ́ǹbù átọ́mù àkọ́kọ́ wò ní New Mexico ní 16 Oṣù Keje 1945, wọ́n fi agbára rẹ̀ pamọ́, ṣùgbọ́n wọ́n gbé fọ́tò rẹ̀ jáde. Àkókò àti ìwọ̀n ọ̀nà wà lára fọ́tò náà. Taylor rò ó pé ohun mẹ́ta péré ló lè pinnu bí bọ́ọ̀lù iná náà ṣe fẹ̀ tó láti àárín dé etí (R): agbára (E), àkókò (t), àti bí afẹ́fẹ́ ṣe ki tó (ρ). Ọ̀nà kan ṣoṣo ló wà láti so wọ́n pọ̀ tí ìwọ̀n wọn á fi bá ara mu:

E = ρ × R⁵ ÷ t²

Nínú fọ́tò kan, t jẹ́ 0.025 ìṣẹ́jú àáyá, R sì jẹ́ bíi 140 mítà. Ẹ sọ 140 di púpọ̀ nígbà márùn-ún, ẹ óò rí 5.38 × 10¹⁰. Ẹ fi 1.2 sọ ọ́ di púpọ̀, ẹ pín in sí 0.000625, ó di 1.03 × 10¹⁴ joule. Ẹgbẹ̀rún tọ́ọ̀nù TNT kan jẹ́ 4.184 × 10¹² joule, nítorí náà bíi 25,000 tọ́ọ̀nù TNT ni.

Òṣùwọ̀n

Ìṣirò yín dára, àmọ́ 1.2 yẹn jẹ́ afẹ́fẹ́ etí òkun. Ibi tí wọ́n ti dán an wò ga ní nǹkan bí 1,500 mítà. Ẹ fi 1.05 sí i, ẹ óò rí bíi 21,600 tọ́ọ̀nù. Nọ́ńbà kan tí kò jìnnà sí 1 ṣì wà tó yẹ kó wà níwájú ìṣirò náà, ẹ má retí kí ó pé gérégé. Ibi tó ti ń ṣìnà ni R: torí pé ẹ fi í sọ ara rẹ̀ di púpọ̀ lẹ́ẹ̀màrún-ún, bí ẹ bá fi ìdá 5 nínú ọgọ́rùn-ún ṣì í wọ̀n, agbára á fi ìdá 28 pọ̀ jù.

Sẹ́ńsọ̀_àti_Wáyà

Ẹ kíyè sí ẹ̀rọ tí ẹ fi ń wọn ìgbì náà pẹ̀lú. Wọ́n máa ń gbé ohùn inú fóònù wá pé "ẹ wo bó ṣe ga tó." Gbohùngbohùn fóònù ti kún kọjá ààlà ní bíi 120 sí 130 dB (desibẹ́ẹ̀lì, òṣùwọ̀n ariwo), bẹ́ẹ̀ 7 kPa jẹ́ 171 dB. Àkókò ni ẹ lè rí kọ́ lára ohùn fóònù. Gíga ìfúnpá kò sí níbẹ̀.

Sẹ́ńsọ̀ tó ní kírísítálì piezo, èyí tó ń dá iná mànàmáná sílẹ̀ bí nǹkan bá tẹ̀ ẹ́, ni wọ́n ń lò, pẹ̀lú ẹ̀rọ tó ń gba nọ́ńbà mílíọ̀nù kan ó kéré tán ní ìṣẹ́jú àáyá kan. Síbẹ̀ ó ń ṣìnà. Bí ojú sẹ́ńsọ̀ bá fẹ̀ ní mìlímítà 6, ìgbì tó ń kọjá lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ ní 400 mítà ní ìṣẹ́jú àáyá á gba máíkírósẹ́kọ́ǹdì 15 kó tó bo ojú náà tán. Ṣóńṣó ìfúnpá á ti rẹ̀ sílẹ̀ kí sẹ́ńsọ̀ tó rí i. Ohun tí wọ́n ń ṣe ni pé wọ́n á fa ìlà Friedlander, ìyẹn ìlà tó ń fi bí ìfúnpá ṣe ń rẹ̀ sílẹ̀ lẹ́yìn ìgbì hàn, gba inú nọ́ńbà tó tẹ̀lé e, wọ́n á sì fi í tọpa padà sí ìgbà tí ìgbì dé. Ìmọ́lẹ̀ náà ń mú kírísítálì gbóná, ìlà òdo á sì máa yọ̀ lọ; téèpù dúdú tàbí sílíkónì tín-ín-rín lójú rẹ̀ ló ń dín in kù. Kí ẹ sì de wáyà mọ́lẹ̀ dáadáa, torí wáyà tó ń jà fìrìfìrì máa ń dá iná mànàmáná tirẹ̀ sílẹ̀. Bí ẹ bá rí ohun tó gbọ̀n lórí àwòrán kí ìgbì tó yẹ kó dé, wáyà ni kí ẹ kọ́kọ́ wò.

Onítáǹkì

Gbogbo yín ń sọ ohun tó ń jó. Táǹkì lásán náà ń bú láìsí iná o. Ẹ mú táǹkì tó gba mítà oníhà mẹ́ta kan, tí ìfúnpá inú rẹ̀ jẹ́ bíi 1,000 kPa. Tó bá jẹ́ afẹ́fẹ́ ló kún inú rẹ̀, agbára tó pamọ́ síbẹ̀ wà láàárín 800,000 sí 2.25 mílíọ̀nù joule, bí ọ̀nà ìṣirò yín bá ṣe rí. Tó bá jẹ́ omi ló kún un ní ìfúnpá kan náà, bíi 230 joule péré ni, torí omi kò fẹ́rẹ̀ẹ́ ṣeé fún pọ̀. Ìdí nìyí tí a fi ń fi omi dán táǹkì wò. Kí ẹ sì lé gbogbo afẹ́fẹ́ jáde látòkè kí ẹ tó fún un, nítorí afẹ́fẹ́ díẹ̀ tó bá kù sórí omi ni ewu tó padà wọlé.

Iná_àti_Ooru

Ó ku eruku. Ṣúgà, ìyẹ̀fun, eruku igi: gbogbo wọn ń bú tí wọ́n bá fò sínú afẹ́fẹ́ ní ìwọ̀n tó tó. Ọ̀pọ̀ irú wọn kò nílò ju gíráàmù 30 sí 60 nínú mítà oníhà mẹ́ta kan. Eruku tó nípọn ní mìlímítà kan lórí ilẹ̀, tí ìwọ̀n rẹ̀ bá jẹ́ 500 kílò fún mítà oníhà mẹ́ta, á fún wa ní gíráàmù 500 lórí mítà kan sí mítà kan. Bó bá fò sókè nínú yàrá tó ga ní mítà 5, gíráàmù 100 nínú mítà oníhà mẹ́ta kọ̀ọ̀kan nìyẹn. Ó ti kọjá ìwọ̀n ewu. Ìbúgbàmù kékeré àkọ́kọ́ kì í sábà pa ilé run. Ìgbì rẹ̀ ló ń gbọn eruku orí irin àti òkè àjà sílẹ̀, èkejì á sì gba gbogbo ilé. Bó ṣe rí nìyẹn ní ilé iṣẹ́ ṣúgà Port Wentworth ní Georgia, Amẹ́ríkà, ní 7 Oṣù Kejì 2008, tí èèyàn 14 kú. Ẹ má fi afẹ́fẹ́ tó ní ìfúnpá fẹ́ eruku kúrò lórí ẹ̀rọ. Ẹ fà á mu pẹ̀lú ẹ̀rọ tí wọ́n ṣe fún eruku tó ń jó.

Olùbéèrè01

Ìbéèrè mi tó kẹ́yìn: bí èèyàn bá rí ìmọ́lẹ̀ ńlá lókèèrè, kí ló yẹ kó ṣe?

Ìfúnpá_Afẹ́fẹ́

Kó kúrò nídìí fèrèsé lójú ẹsẹ̀. Ní Halifax, Kánádà, ní 6 Oṣù Kejìlá 1917, ọkọ̀ ojú omi Mont-Blanc ń jó, àwọn èèyàn sì dúró lójú fèrèsé láti wò ó. Nígbà tó bú, gíláàsì wọ ojú ọ̀pọ̀lọpọ̀ wọn. Ní Chelyabinsk, Rọ́ṣíà, ní 15 Oṣù Kejì 2013, òkúta láti òfuurufú kan tó fẹ̀ ní nǹkan bí 20 mítà bú ní bíi 30 kìlómítà lókè. Ó ju ìṣẹ́jú méjì lọ kí ìgbì rẹ̀ tó kan ìlú. Láàárín ìgbà yẹn, àwọn èèyàn ti sáré lọ sí ojú fèrèsé láti wo ipa funfun tó fi sójú ọ̀run. Nǹkan bí 1,500 èèyàn ló fara pa, gíláàsì ló sì ṣe ọ̀pọ̀ nínú wọn.

Kó dojú bolẹ̀ sẹ́yìn ògiri tó nípọn, kó kẹ̀yìn sí fèrèsé, kó ya ẹnu sílẹ̀ díẹ̀, kó fi ọwọ́ bo etí. Awọ etí lè bẹ̀rẹ̀ sí í ya láti bíi 35 kPa; ẹ̀dọ̀fóró ń bàjẹ́ ní nǹkan bí 100. Ní ọ̀nà jíjìn tí ẹ ń béèrè yìí, ìfúnpá kò ní ga tó bẹ́ẹ̀, gíláàsì nìkan ni ọ̀tá. Kó sì ka ìṣẹ́jú àáyá: mẹ́ta fún kìlómítà kọ̀ọ̀kan. Bí ìgbì bá ti kọjá, kó dúró síbẹ̀ díẹ̀ sí i, torí gíláàsì tó ti sán lókè ilé alájà púpọ̀ ṣì ń já bọ́ lẹ́yìn náà.